Ìpè Inú Ẹ́ńjìnnì

Ẹ má bi Láwùmí Ògúntúndé léèrè iṣẹ́ tó ń ṣe, àfi tẹ́ ẹ bá ráyè jókòó. Bó bá ní etí lòun fi ń jẹun, ẹ ó ní ó ń fi yín ṣe yẹ̀yẹ́. Bó bá ní ohùn ẹ́ńjìnnì ọkọ̀ asáré lòun ń gbọ́ fún àwọn Òyìnbó, ẹ ó wò ó láti orí dé ẹsẹ̀, ẹ ó ní, "Ní Bódìjà yìí náà?" Ní Bódìjà yìí náà ni o. Òkè pẹ̀tẹ́ẹ̀sì kan tí wọ́n ti ń ta kọ́tìnnì nísàlẹ̀ ni ọ́fíìsì wọn wà. Bẹ́ ẹ bá ń lọ sọ́jà, ẹ ti kọjá níwájú ẹ̀ láìmọye ìgbà.

Obìnrin pẹ́lẹ́ńgẹ́ ni, ó lé díẹ̀ lẹ́ni ogójì ọdún, kì í pariwo, àmọ́ kò gba ìgbàkugbà. Ọkọ kan ti fẹ́ ẹ rí. Ẹ jẹ́ ká fi ìyẹn sílẹ̀, ọkọ náà ti fi òun náà sílẹ̀. Iléeṣẹ́ rédíò kan ní Ring Road ló ti kọ́ iṣẹ́ ohùn. Òun ló máa ń gé ikọ́ àti èémí kúrò nínú ìpolówó ọjà. Nígbà tí rédíò yẹn kógbá sílé ló gbọ́ pé ọmọkùnrin kan tó ń jẹ́ Adégbìtẹ́ ń wá àwọn tí etí wọn mú. Etí ta ló tún fẹ́ mú ju ti Láwùmí lọ? Ní ṣọ́ọ̀ṣì aláṣọ funfun tí òun àti ìyá ẹ̀ ń lọ ní Ẹlẹ́yẹlé, bí akọrin kan bá ṣi ohùn gbé ní ìlà ẹ̀yìn pátápátá, kí onítọ̀hún tó panu dé, Láwùmí á ti yíjú wò ó. Àwọn akọrin ò fẹ́ràn ẹ̀ rárá.

Iṣẹ́ náà rèé. Nínú eré ọkọ̀ ńlá tí gbogbo ayé ń wò lọ́jọ́ Sọ́ńdè, kì í ṣe gbogbo ẹgbẹ́ ló ń ṣe ẹ́ńjìnnì fúnra wọn. Iléeṣẹ́ kan lè ṣe ẹ́ńjìnnì, kó fi sínú ọkọ̀ tirẹ̀, kó sì tún ta irú ẹ̀ gan-an fún ẹgbẹ́ mìíràn tí wọ́n jọ ń du ife kan náà. Nígbà tí Adégbìtẹ́ kọ́kọ́ ṣàlàyé ẹ̀, ṣe ni Láwùmí bú sẹ́rìn-ín.

"Ọ̀gá, ẹ tún un sọ. Wọ́n ń ta ọ̀bẹ fún ẹni tí wọ́n jọ máa pín ẹran?"

"Òun náà ni, Àǹtí Láwùmí. Kò sì sí ọjọ́ tí ẹni tó ra ọ̀bẹ kì í rò pé èyí tó kú ni wọ́n tà fóun."

Kí ẹ́ńjìnnì tó kúrò lọ́wọ́ ẹni tó ṣe é, wọ́n á dè é mọ́rí irin nínú yàrá kan, wọ́n á tẹ̀ ẹ́ títí bí ẹni pé ó wà lórí pápá, wọ́n á sì gba ohùn ẹ̀ sílẹ̀. Kọ̀ǹpútà ló ń kọ́kọ́ gbọ́ ọ. Èyí tó bá rú kọ̀ǹpútà lójú ni wọ́n ń fi ránṣẹ́ sí oríṣiríṣi ìlú, kí etí èèyàn bá wọn gbọ́ ọ. Bí fáìlì ṣe ń dé ọwọ́ Láwùmí àti Qonitah, ọmọ Ìsẹ́yìn tí tábìlì wọn kọjú síra, nìyẹn. Ẹnì kan, fáìlì kan. Òfin kan ṣoṣo ni wọn kì í fi ṣeré níbẹ̀: láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin, hẹ́dífóònù kò gbọdọ̀ kúrò létí. Bí ẹ́ńjìnnì bá mọ́, o kọ ọ́ pé ó mọ́. Bí nǹkan bá ń dún níbi tí kò yẹ kó dún, o tọ́ka ibẹ̀ gan-an.

Láwùmí fẹ́ràn iṣẹ́ náà. Ó máa ń lọ wo eré ọkọ̀ ọ̀hún ní ilé ìwòran kan ní Àgbọ́wọ́ lọ́jọ́ Sọ́ńdè, bí wọ́n bá ti kúrò ní ṣọ́ọ̀ṣì, láàárín àwọn ọmọ yunifásítì tí wọ́n ń pariwo. Ibẹ̀ ló ti mọ Luka. Luka kì í wakọ̀ fún iléeṣẹ́ tó ń ṣe ẹ́ńjìnnì. Ẹgbẹ́ kékeré kan tó ń ra ẹ́ńjìnnì lọ́wọ́ wọn ló ń wakọ̀ fún. Ọmọ kékeré ni, ó ṣẹ̀ṣẹ̀ hu irùngbọ̀n ni. Ìyá Láwùmí rí fọ́tò ẹ̀ lórí fóònù lọ́jọ́ kan tó ń sunkún nítorí pé ọkọ̀ ẹ̀ kú lójú ọ̀nà, àánú ẹ̀ sì ṣe é.

"Kí lorúkọ ẹ̀?"

"Luka ni, Màámi!" Láwùmí ní láti pariwo. Ó ti pẹ́ tí etí ìyá náà ti di, bẹ́ ẹ bá ń bá a sọ̀rọ̀, ilé kẹta ló ń gbọ́.

"Lúùkù. Orúkọ Bíbélì ni. Ìyá ẹ̀ ńkọ́?"

Ẹ mọ̀ pé wọn kì í gbàdúrà fún èèyàn ní ṣọ́ọ̀ṣì wọn láìmọ orúkọ ìyá ẹ̀. Láwùmí wá a lórí íńtánẹ́ẹ̀tì, ó rí i. Láti ọjọ́ náà, tí Màámi bá ti ń ka orúkọ àwọn tí wọ́n ń rìnrìn àjò, tí wọ́n ń wá ọmọ, tí ara wọn ò yá, yóò fi kún un pé, "àti Lúùkù ọmọ Ingrid, tó ń fi eré jẹun." Àwọn ará ìjọ ń ṣe àmín. Kò sẹ́ni tó bi í pé ta ni.

Ọ̀sán gangan ni ìgbà àkọ́kọ́ tí nǹkan náà ṣẹlẹ̀. Iná ti lọ, sólà ló ń gbé kọ̀ǹpútà, fáànù ò ṣiṣẹ́. Qonitah ti lọ kírun. Ìsàlẹ̀ níbi tí wọ́n ti ń ta kọ́tìnnì dákẹ́ lọ́nà tí kì í fi bẹ́ẹ̀ dákẹ́. Láwùmí di ojú, ẹ́ńjìnnì ń ké létí ẹ̀ bó ṣe máa ń ké. Ló bá ṣàdédé gbọ́ tí ẹ́ńjìnnì náà fà sẹ́yìn díẹ̀, bí ìgbà tí wọ́n ti ilẹ̀kùn mọ́ ọn. Láàárín àyè tó ṣí sílẹ̀ yẹn, ẹnì kan wí pé:

"Láwùmí."

Kò pariwo. Bí ẹni tó wà ní yàrá kejì ni, tó mọ̀ pé o wà ńbẹ̀, tí kò sì kánjú.

Ẹnu Láwùmí ti là kó tó ronú. "Hẹ́n" ti dé ọ̀fun ẹ̀. Ọlọ́run ló bá a gé ahọ́n ara ẹ̀ jẹ. Ó fa hẹ́dífóònù yọ, ó wẹ̀yìn. Kò sí ẹnì kankan.

Ẹ̀yin tí wọ́n tọ́ nílé ire, ẹ mọ ìdí tó fi gé ahọ́n jẹ. A kì í jẹ́ ìpè tí a ò mọ ẹni tó pè wá, pàápàá lọ́sàn-án gangan. Àwọn apẹja odò Ẹlẹ́yẹlé gan-an kì í pe ara wọn lórúkọ lórí omi. Wọ́n á súfèé ni.

Ó pe Adégbìtẹ́ wá. Adégbìtẹ́ gbé hẹ́dífóònù sétí, ó gbọ́ ọ, ó tún un gbọ́. "Ẹ́ńjìnnì ni mo gbọ́ o, Àǹtí. Ṣé ẹ ti jẹun ṣá?"

Nígbà tó délé tó ròyìn ẹ̀ fún ìyá ẹ̀, pẹ̀lú ariwo ni, ojú ti ń tì í nítorí àwọn aládùúgbò. Màámi kò rẹ́rìn-ín. Ó gbé abọ́ oúnjẹ kúrò lẹ́sẹ̀.

"Mo ní ẹ̀gbọ́n kan ní Moniya," ni ìyá náà wí. "A jọ ń já ilá lóko bàbá wa, ọ̀sán bíi tòní. Ó kàn gbórí sókè, ó ní, 'Hoo, mò ń bọ̀!' Mo ní, 'Ta lò ń dá lóhùn?' Ó ní ṣé èmi ò gbọ́ ni. Kí ilá tá a fi sílẹ̀ lọ́jọ́ yẹn tó gbó, a ti sin ín." Ó di ọwọ́ Láwùmí mú. "Má jẹ́ ẹ. Bó bá ti ń bọ̀, yọ nǹkan yẹn létí. Bó bá ti kọjá, kó o fi padà."

"Màámi, òfin ibi iṣẹ́ wa ni pé a ò gbọdọ̀ yọ ọ́!"

"Àwọn tó ṣòfin yẹn, ṣé ẹni tó ń pè ọ́ pe àwọn náà?"

Láwùmí gbọ́ràn síyá ẹ̀ lẹ́nu. Ó padà sídìí fáìlì náà, bí ẹ́ńjìnnì ṣe ń fà sẹ́yìn báyìí, ó yọ hẹ́dífóònù, ó gbé e lé itan, ó ń wo ìlà ohùn bó ṣe ń sá lọ lójú kọ̀ǹpútà, ó sì gbé e padà sétí nígbà tó rò pé ó ti kọjá. Ó kọ ọ́ pé ó mọ́. Ní ọ̀sẹ̀ tó tẹ̀ lé e, fáìlì mìíràn dé, ẹ́ńjìnnì mìíràn tí wọ́n jọ ṣe lásìkò kan náà, ìpè tún wà nínú ìyẹn. Ó tún yọ ọ́. Ó tún kọ ọ́ pé ó mọ́. Irọ́ ni, ó sì mọ̀ pé irọ́ ni, àmọ́ ta ni ò bẹ̀rù ikú? Lẹ́yìn ìyẹn, ìpè náà ò wá mọ́. Ọkàn ẹ̀ balẹ̀, ó ń kọrin bó ṣe ń gun òkè pẹ̀tẹ́ẹ̀sì.

Ọ̀sán ọjọ́ Jímọ̀ kan ni nǹkan yíwọ́. Àwọn ọkọ̀ ń dánra wò lórí pápá, gbogbo ọ́fíìsì sì ń wò ó lórí fóònù Adégbìtẹ́. Ọkọ̀ iléeṣẹ́ tó ń ṣe ẹ́ńjìnnì gan-an ló ń bọ̀ ní títì gbọọrọ, ló bá bú gbàmù. Iná bò ó látẹ̀yìn títí dé ibi tí awakọ̀ jókòó sí. Wọ́n fa ọkùnrin náà jáde. Kò kú, àmọ́ àtẹ́lẹwọ́ ẹ̀ méjèèjì bó. Qonitah ń ké, "Lá iláha illalláhu!"

Kò pẹ́ tí iléeṣẹ́ ẹ́ńjìnnì fi kọ ọ̀rọ̀ ránṣẹ́ sí gbogbo àwọn tó ń gbọ́ ohùn fún wọn: ẹ́ńjìnnì báyìí báyìí ló jóná, ta ló gbọ́ ọ, ṣé ó rí nǹkan? Láwùmí wo nọ́ńbà ẹ̀. Fáìlì tí ìpè ti kọ́kọ́ wá ni.

Ó wá nọ́ńbà ti ìkejì, bóyá wọn ò tíì gbé e fún ẹnikẹ́ni. Wọ́n ti gbé e. Inú ọkọ̀ Luka ló wà.

Ó lọ bá Adégbìtẹ́, ó sọ gbogbo ẹ̀ fún un láìfi ọ̀kan pamọ́. Ọmọkùnrin náà wò ó bí ẹni tó ń wo àlejò.

"Ẹ yọ ọ́ létí?"

"Mo yọ ọ́."

"Nítorí pé ẹnì kan pè yín?"

"Ọ̀gá, ẹ bá mi wí lọ́la. Ẹ jẹ́ ká yọ ẹ́ńjìnnì ọmọ yẹn lónìí."

Adégbìtẹ́ fi ọwọ́ méjèèjì bo ojú. "Àǹtí, ẹ̀rí dà? Bí wọ́n bá pààrọ̀ ẹ́ńjìnnì ẹ̀ báyìí, ẹ̀yìn gbogbo ọkọ̀ ni wọ́n máa tò ó sí lọ́jọ́ Sọ́ńdè, òfin eré ni. Ẹgbẹ́ ẹ̀ ò ní gbà. Wọ́n á ní ọkọ̀ ẹni tó ta ẹ́ńjìnnì jóná, ló bá fẹ́ kí ti oníbàárà náà kẹ́yìn. Ẹ ṣáà mọ bí wọ́n ṣe ń fura síra wọn. Àfi tí a bá fi ibi tó ti ń dún hàn wọ́n, kí wọ́n fi etí ara wọn gbọ́ ọ." Ó ṣí fáìlì ẹ́ńjìnnì Luka, òun àti Qonitah jọ gbọ́ ọ, wọ́n tún un gbọ́. Wọn ò gbọ́ ìpè. Wọn ò gbọ́ nǹkan mìíràn náà. "Ó kù sọ́wọ́ yín," ni Adégbìtẹ́ wí. "Láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin."

Láwùmí jókòó. Ó di àga mú. Nígbà tí ẹ́ńjìnnì fà sẹ́yìn, kò yọ ọ́.

"Láwùmí."

Ó pa ẹnu pọ̀, ó ń dúró kó kọjá. Kò kọjá. Ó tún pè é, ó tún pè é, pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́, láìbínú, títí ìpè náà fi bo ẹ́ńjìnnì mọ́lẹ̀ pátápátá, tí kò fi sí ohun tó ń gbọ́ mọ́ àfi orúkọ ara ẹ̀. Ó wá mọ̀ pé ọ̀fun òun ń mì fúnra ẹ̀. Ó fẹ́ dáhùn. Ó ń wù ú láti dáhùn, bó ṣe ń wu èèyàn láti sùn. Ìyẹn ló bà á lẹ́rù ju ìpè náà lọ. Ó já hẹ́dífóònù jù sílẹ̀, ó bú sẹ́kún níwájú Qonitah.

Ohun tó wà lẹ́yìn ẹ̀fà, ó ju èje lọ. Nǹkan wà lẹ́yìn ìpè yẹn, ìpè náà ò sì ní jẹ́ kí ẹnikẹ́ni gbọ́ nǹkan ọ̀hún láìjẹ́ pé wọ́n dá a lóhùn. Kò sẹ́ni tó sọ bẹ́ẹ̀ fún Láwùmí, ó kàn mọ̀ ọ́n.

Ó wọ takisí máíkírà lọ sílé, ó gbé kọ̀ǹpútà mọ́ àyà. Ní Sángo, àwọn ọkọ̀ ń ti ara wọn lójú títì, àwọn ọlọ́kadà ń bú ara wọn, ni ẹ́ńjìnnì máíkírà náà bá fà sẹ́yìn díẹ̀. Bí ìgbà tí wọ́n ti ilẹ̀kùn mọ́ ọn. Láwùmí fi ìka di etí méjèèjì.

"Ṣé kò sí nǹkan o, ìyá?" ni obìnrin tó jókòó tì í bi í. Láwùmí rí ẹnu ẹ̀, kò gbọ́ ohùn ẹ̀. Kò yọ ìka títí wọ́n fi dé Ẹlẹ́yẹlé.

Kò lè sọ ọ́ fún ìyá ẹ̀ lálẹ́ ọjọ́ náà. Ọ̀sán Sátidé ló tó sọ ọ́. Oòrùn ti dúró ṣinṣin, omi odò ń dán níwájú, kò sí apẹja kan lórí ẹ̀. Màámi jókòó lórí àga onígi ẹ̀ ní ọ̀dẹ̀dẹ̀, ó ń tẹ́tí, ọwọ́ lẹ́yìn etí. Nígbà tí Láwùmí dé ibi tí iná ti jó ọwọ́ awakọ̀, ìyá náà mi orí. Nígbà tó dé orúkọ Luka, kò mi orí mọ́.

"Ẹ́ńjìnnì tó ṣìkejì èyí tó jóná ló wà lábẹ́ ẹ̀?"

"Bẹ́ẹ̀ ni, Màámi!"

"Tí o ò gbọ́ dé òpin."

"Bẹ́ẹ̀ ni."

"Nítorí pé mo ní kó o yọ ọ́."

Màámi wo odò. Lẹ́yìn náà ló dìde, ó wọlé, ó bu omi bọ́jú, ó gbé sùtánà funfun ẹ̀ wọ̀ bí ẹni tó ń lọ sí ìsìn, ó bọ́ bàtà, ó padà wá jókòó.

"Gbé nǹkan yẹn wá."

"Màámi, ẹ ò lè gbọ́ nǹkan kan! Etí yín—"

"Nílé bàbá mi, wọ́n ní ká má jẹ́ ẹ. Ní ṣọ́ọ̀ṣì, Bíbélì ní Sámúẹ́lì jẹ́ ẹ, ìgbà tó jẹ́ ẹ ni wọ́n tó sọ ohun tí wọ́n fẹ́ sọ fún un. Mo ti ń gbé àárín méjèèjì láti kékeré, mo kàn ń yan èyí tó bá rọ̀ mí lọ́rùn ni. Gbé e wá, ọmọ yìí."

Láwùmí fi hẹ́dífóònù sí i létí. Ó rò pé kò séwu. Ẹni tí kò gbọ́ bí wọ́n ṣe ń kan ilẹ̀kùn, kí ló fẹ́ gbọ́? Ó tẹ fáìlì náà. Ìlà ohùn ń sá lọ. Ojú Màámi ò yí padà, ó jókòó bí ẹni tó ń dúró de ọkọ̀. Lẹ́yìn náà ni Láwùmí rí i tí ojú ìyá ẹ̀ là, tó sì gbórí sókè. Ọ̀dọ́mọbìnrin ni ojú yẹn jọ, ọmọdébìnrin tí wọ́n pè látòkèèrè nínú oko.

"Ṣé o gbọ́?" ni Màámi wí, kẹ́lẹ́kẹ́lẹ́. "Àwẹ̀ró ló pè mí. Ta ló kù láyé tó mọ̀ pé Àwẹ̀ró ni oríkì mi?"

"Màámi, ẹ yọ ọ́! Ẹ má jẹ́ ẹ!" Láwùmí na ọwọ́ sí i. Ìyá náà gba ọwọ́ ẹ̀ mú, agbára tó wà lọ́wọ́ yẹn ju ti arúgbó lọ.

"Mo wà níbí o," ni Màámi wí, tayọ̀tayọ̀. "Máa wí."

Kò sí ohun tó ṣẹlẹ̀. Adìẹ kan kọjá. Màámi tẹ́tí díẹ̀, ó mi orí, ó yọ hẹ́dífóònù, ó sì nà án sí ọmọ ẹ̀.

"Gbà. Ó ti dákẹ́. Gbọ́ iṣẹ́ rẹ."

Láwùmí gbà á. Ó dá fáìlì padà sí ìbẹ̀rẹ̀, ó di ojú. Ẹ́ńjìnnì ké, kò fà sẹ́yìn. Ibi tí ìpè náà ti máa ń wà, ohùn kékeré kan wà níbẹ̀, ṣẹ̀kẹ̀, ṣẹ̀kẹ̀, bí hóró ẹ̀wà kan ṣoṣo nínú agolo mílíìkì. Ó pẹ́ díẹ̀, ó lọ. Ó gbọ́ ọ dé òpin. Ó tọ́ka ibẹ̀ gan-an, ó fi ránṣẹ́ sí Adégbìtẹ́, ó sì pè é.

"Ẹ gbọ́ ibẹ̀ yẹn nìkan."

Ó gbọ́ bí Adégbìtẹ́ ṣe ń mí. "Yéè! Àǹtí! Ó wà ńbẹ̀! Báwo la ṣe—" Ó ti pa fóònù, ó ti sáré lọ pe àwọn Òyìnbó.

Láwùmí kúnlẹ̀ sẹ́sẹ̀ ìyá ẹ̀, ó ń sunkún. "Kí ló dé tẹ́ ẹ fi jẹ́ ẹ? Èmi ló ń pè!"

"Èmi náà ló pè." Màámi ń nu omi ojú ọmọ ẹ̀ pẹ̀lú etí sùtánà. "Mo ti lé lọ́gọ́rin ọdún. Ta lo fẹ́ kó jẹ́ ẹ? Ìwọ, kí n wá máa sin ọmọ? Àbí ọmọ Ingrid?"

Wọ́n jà o, àwọn Òyìnbó. Ẹgbẹ́ Luka ní ọgbọ́n ẹ̀wẹ́ ni, wọ́n ní ẹni tó ta ẹ́ńjìnnì ti ń wá ọ̀nà àtifà wọ́n sẹ́yìn tipẹ́. Ẹni tó ta á náà ní kí wọ́n gbé e sétí, kí wọ́n gbọ́ ọ. Wọ́n gbọ́ ọ. Lẹ́yìn ìyẹn, kò sẹ́ni tó bá ẹnikẹ́ni jà mọ́. Wọ́n yọ ẹ́ńjìnnì náà, wọ́n sì to Luka sí ẹ̀yìn gbogbo ọkọ̀.

Lọ́jọ́ Sọ́ńdè, Láwùmí ní òun ò lọ síbì kankan, òun máa jókòó ti ìyá òun. Àyà ẹ̀ ò balẹ̀ látàná. Màámi lé e jáde. "Ara mi le. Àbí o ò rí mi? Mo jó ní ṣọ́ọ̀ṣì. Lọ bá mi wo ọmọ náà, kó o wá ròyìn. Kó o ra búrẹ́dì bọ̀."

Ó lọ. Ilé ìwòran Àgbọ́wọ́ kún dé ẹnu ọ̀nà. Luka bẹ̀rẹ̀ láti ìdí pátápátá, ó ń kó wọn ní ọ̀kọ̀ọ̀kan, àwọn ọmọ yunifásítì sì ń gbá tábìlì, wọ́n ń ké pé, "This boy no dey hear word!" Láwùmí kò wo ipò tó wà, ẹ́ńjìnnì ẹ̀ ló ń gbọ́. Ó mọ́. Ipò kẹsàn-án ni Luka parí sí, ó yọ akoto, ó sì ń rẹ́rìn-ín. Bó ṣe ń rẹ́rìn-ín lọ́wọ́ ni ọ̀rọ̀ Adégbìtẹ́ wọlé sórí fóònù Láwùmí: wọ́n ti tú ẹ́ńjìnnì àná. Ó ti sán nínú. Kì bá parí eré tòní, ibi tí títì ti gùn jù ni ì bá bú sí.

Inú Láwùmí dùn débi pé ó dì mọ́ ọmọ yunifásítì tí kò mọ̀ rí. Ó ra búrẹ́dì gbígbóná, ó wọ máíkírà, ó ń rẹ́rìn-ín nìkan lọ́nà. Oòrùn ṣì wà nígbà tó sọ̀ ní Ẹlẹ́yẹlé. Látẹnu géètì ló ti rí ìyá ẹ̀ ní ọ̀dẹ̀dẹ̀, lórí àga onígi ẹ̀, nínú sùtánà, ó kọjú sí odò. Hẹ́dífóònù wà létí ẹ̀. Okùn ẹ̀ já sílẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ àga, kò wọnú nǹkan kan.

"Màámi!" Ó ké bó ṣe máa ń ké, ilé kẹta gbọ́. "Ó dé o! Ó dé láyọ̀!"

Ó sún mọ́ ọn. "Màámi!"

Ó dé ẹsẹ̀ àga. Ó gbé búrẹ́dì sílẹ̀. "Màámi," ó wí, kò pariwo mọ́.

Ìyá náà kò dáhùn. Ó ti jẹ́ ìpè tirẹ̀.

Wọ́n sin ín sí Moniya, nílé bàbá ẹ̀, lẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹ̀gbọ́n ẹ̀. Adégbìtẹ́ àti Qonitah wá. Láwùmí sunkún títí ohùn ẹ̀ fi há, ó sì bínú sí gbogbo nǹkan: sí ẹ́ńjìnnì, sí Òyìnbó, sí Luka tí kò mọ̀ pé ẹnì kan ń jẹ́ Àwẹ̀ró rí láyé. Nígbà tó yá, ìbínú náà rẹ̀ ẹ́. Ó padà sẹ́nu iṣẹ́. Kí ló tún fẹ́ ṣe?

Fáìlì tó kọ́kọ́ bá lórí kọ̀ǹpútà ni ti ẹ́ńjìnnì tuntun mìíràn tí wọ́n fẹ́ gbé fún Luka. Ó yẹ déètì ẹ̀ wò: wọ́n ti gba ohùn náà sílẹ̀ lókè òkun kí Màámi tó kú. Ọ̀sán gangan ni. Qonitah ti lọ kírun, ìsàlẹ̀ dákẹ́. Ó gbé hẹ́dífóònù sétí, ó di ojú, ẹ́ńjìnnì ń ké. Lẹ́yìn ìgbà díẹ̀, ẹ́ńjìnnì náà fà sẹ́yìn, bí ìgbà tí wọ́n ti ilẹ̀kùn mọ́ ọn. Ọwọ́ Láwùmí ti dé etí ẹ̀ láti yọ ọ́.

Kò sẹ́ni tó pè é. Láàárín àyè tó ṣí sílẹ̀ yẹn, ohùn arúgbó kan tó mọ̀ dáadáa ló wí pé, "Mo wà níbí o."

Ọwọ́ ẹ̀ sọ̀ kalẹ̀. Ẹ́ńjìnnì padà wá, ó ń ké lọ, kò sí nǹkan kan lẹ́yìn ẹ̀. Omi ń bọ́ lójú ẹ̀ sórí tábìlì, kò nù ún. Ó gbọ́ ọ dé òpin, ó sì kọ ọ́ síbẹ̀ pé ó mọ́.